Ọlọ́lá Mengeot, Olùgbèjà Ògógóró Ìyeyè

Ní Rozerval níbí, bí ọmọdé bá ń sọ̀rọ̀ ju bó ti yẹ lọ, àwọn òbí rẹ̀ kì í nà án mọ́. Wọ́n á kàn mirí, wọ́n á ní ta ló mọ̀ bóyá aṣòfin ni Ọlọ́run fẹ́ fi ṣe. Évariste Mengeot ló kó wa sí èyí. Kó tó dé, pàṣán ni ìwòsàn irú àìsàn bẹ́ẹ̀.

Èmi Zélie tí mò ń sọ̀rọ̀ yìí, èmi ni mo ni ilé ọtí tó dojú kọ gbọ̀ngàn ìlú. Ohunkóhun tí àwọn ọkùnrin Rozerval bá fẹ́ dìbò lé lórí, ìdí tábìlì mi ni wọ́n ti máa ń jà á kí wọ́n tó sọdá lọ ju ìwé sínú àpótí. Èmi kò dìbò rí. Òfin ilẹ̀ Faransé ní ọpọlọ obìnrin kò lè gbé e. Obìnrin lè gbé igi ìdáná, ó lè gbé ọmọ, ó lè gbé ọkọ tó ti mutí yó láti ẹnu ọ̀nà dé orí ibùsùn, ṣùgbọ́n ìwé pélébé kan, rárá o, ìyẹn ti wúwo jù fún un. Kò burú. Ẹni tí wọn ò pè síjó ló ń ráyè wo ẹsẹ̀ àwọn oníjó.

Mo mọ Évariste láti kékeré. Bàbá rẹ̀ ń ta ẹlẹ́dẹ̀, ẹni tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ sì ni, nítorí ẹni tó bá fẹ́ ta ẹlẹ́dẹ̀ tó ń ṣàìsàn kò yẹ kó fa ọ̀rọ̀ gùn. Gbogbo ọ̀rọ̀ tí bàbá gbé mì, ọmọ ló wá ń pọ̀ ọ́ jáde. Nígbà tí a jọ ń kọ́ katikísímù, bí Fáda bá béèrè pé ta ló dá wa, Évariste á dáhùn, á sọ ìdí tí Ó fi dá wa, á sì sọ ohun tí òun ì bá tún ṣe síbẹ̀ ká ní òun ni. Fáda á máa wo aago. Wọ́n fi owó ẹlẹ́dẹ̀ rán an lọ sí ìlú Nancy láti kọ́ṣẹ́ agbẹjọ́rò. Ó padà dé pẹ̀lú irùngbọ̀n, pẹ̀lú gíláàsì ojú, àti ikọ́ kan tí kì í wú àfi bó bá fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ ńlá.

Ó gba yàrá kan ní Montcléry, níbi tí ilé ẹjọ́ wà. Ẹjọ́ tó ń dé ọwọ́ rẹ̀ nígbà náà kò ju ti màlúù tó jẹko olóko lọ, tàbí ti ọgbà tí ẹnì kan rọra sún wọ ilẹ̀ aládùúgbò rẹ̀. Lọ́yà Mengeot kì í wo kíkéré ẹjọ́. Bó bá ń gbẹjọ́ ewúrẹ́ rò, á kọ́kọ́ gba Róòmù kọjá, á kí àwọn ọba àtijọ́, á sinmi díẹ̀ lórí òmìnira ọmọ ènìyàn, nígbà tó bá fi máa padà dé ọ̀dọ̀ ewúrẹ́, adájọ́ ti gbàgbé ẹni tó ni ín. Ó máa ń jàre nígbà mìíràn, ó sì máa ń jẹ̀bi. Àwọn tó ń bá a ṣe kì í bínú. Wọ́n á ní, lóòótọ́ ni a jẹ̀bi, ṣùgbọ́n ẹ ò gbọ́ bó ṣe dùn tó.

Ẹjọ́ tó sọ ọ́ di ènìyàn pàtàkì, ẹjọ́ bàbá mi ni.

Dieudonné Thouvenel ni bàbá mi ń jẹ́. Ìkòkò bàbà tí a fi ń pọn ògógóró ló jogún lọ́wọ́ bàbá tirẹ̀, ìkòkò ńlá ọlọ́rùn gígùn, tó mọ́ débi pé ara rẹ̀ ni ìyá mi máa ń wò kó tó dé fìlà lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Lọ́dọ̀ wa, ẹni tó bá ni igi ìyeyè ló ni ògógóró tó wà nínú èso rẹ̀. Bí a bá ká ìyeyè tán, a ó kó o sínú àgbá kó kan. Bí òtútù bá bẹ̀rẹ̀, olúkúlùkù á yí àgbá tirẹ̀ wá sí abà wa, bàbá mi á sì dáná sí i. A kì í tọrọ àṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, a kì í sì í san owó-orí lórí ohun tí a bá pọn fún ẹnu ara wa. Ẹ̀tọ́ wa nìyẹn. Àwọn ọmọ kan wà ní ìlú yìí tí wọn ò mọ orúkọ olórí orílẹ̀-èdè, ṣùgbọ́n wọ́n mọ èyí. Ní ti bàbá mi, kò sí ohun mìíràn láyé tó mú inú rẹ̀ dùn. Láti ìgbà tí ìyá mi ti kú, ìgbà tí iná bá wà lábẹ́ ìkòkò yẹn nìkan ni mo máa ń gbọ́ tó ń kọrin.

Lọ́dún kan, àwọn agbowó-orí wọ́ ọ lọ sí ilé ẹjọ́ ní Montcléry. Wọ́n ní ó ń pọn ọtí fún títà, wọ́n sì fẹ́ gba ìkòkò. Bàbá mi kò lè jẹun. Lọ́yà Mengeot kò dúró kí a pe òun, ó wá fúnra rẹ̀, ó ní òun á gbà á rò. Lọ́jọ́ ẹjọ́, ó dìde, ó wúkọ́. Ó ní ìyeyè ni ọmú tí ilẹ̀ Faransé fi tọ́ àwọn ọmọ rẹ̀. Ó ní ẹni tó bá fọwọ́ kan ìkòkò Dieudonné, ibojì àwọn bàbá ńlá wa ló fọwọ́ kàn. Adájọ́ yọ gíláàsì ojú rẹ̀, ó ń nù ún. Ọ̀kan lára àwọn agbowó-orí náà ń fọn imú. Wọ́n ní kí bàbá mi máa gbé ìkòkò rẹ̀ lọ sílé, bàbá mi, tí kò da omi lójú lọ́jọ́ tí a sin ìyá mi, sì dì mọ́ Mengeot níwájú gbogbo ayé, ó sunkún bí ọmọdé. Láti ọjọ́ náà, bí ẹnikẹ́ni bá ń sọ̀rọ̀ Mengeot láìdáa níbi tí bàbá mi bá wà, á dìde, á gbé fìlà rẹ̀, á sì jáde.

Ìbò dé. Ẹni tó ń ṣojú wa ní Paris nígbà náà jẹ́ ìjòyè arúgbó kan tí etí rẹ̀ ti di, tó sì ti pẹ́ tó ti ń gbádùn rẹ̀ pé etí òun di. Mengeot jáde sí i. Nígbà tí wọ́n bi í léèrè ẹgbẹ́ tó ń ṣe, ó ní òun kì í ṣe ti ọ̀tún, òun kì í ṣe ti òsì, ti ìyeyè lòun. Ó gun orí àga nínú ilé ọtí mi, ó ní bí a bá rán òun lọ, níwọ̀n ìgbà tí èémí bá ṣì wà nímú òun, kò sí òfin tí yóò pa iná lábẹ́ ìkòkò Dieudonné. Àwọn ọkùnrin ju fìlà sókè. Fìlà Prosper, ọkọ mi, balẹ̀ sínú ọbẹ̀. Wọ́n sọdá, wọ́n dìbò, Lọ́yà sì di Ọlọ́lá.

Ohun tó yà wá lẹ́nu ni pé ọkùnrin tí kò lè dákẹ́ lórí ọ̀rọ̀ ewúrẹ́, ó dé àárín àwọn aṣòfin, ó sì dákẹ́. Adnet, tíṣà ilé ẹ̀kọ́ wa, ló máa ń ka ìwé ìròyìn fún àwọn oníbàárà mi. Á ka gbogbo ohun tí wọ́n wí nílé ìgbìmọ̀ láti òkè dé ilẹ̀, a kò ní gbọ́ Mengeot. Lọ́jọ́ kan, ó kan ibi tí wọ́n kọ ọ́ sí pé ohùn kan láti àwọn ìjókòó àárín ké pé, "Ó dáa gan-an!" A yẹ ọ̀rọ̀ náà wò títí oúnjẹ fi tutù, a sì fẹnu kò pé ohùn Mengeot ni. Bàbá mi ra ọtí fún gbogbo ilé.

Kí n má parọ́ mọ́ ọn, ó ṣiṣẹ́. Ó gba àmì ẹ̀yẹ àgbẹ̀ pàtàkì fún olórí ìlú wa, ẹni tó ń sin ehoro díẹ̀ lẹ́yìn ilé. Ó gba àṣẹ títa tábà fún opó kan tí ọkọ rẹ̀ kò tíì kú. Ọkọ náà ṣe ọmọlúwàbí, ó kú kí ọdún tó parí. Mengeot ṣèlérí ibùdó rélùwéè fún àwọn abúlé tí rélùwéè kankan kò gbà nítòsí wọn. Bó bá wálé, ó ti sanra sí i ju ti ìgbà tó lọ, a ó rí i lọ́jà tó ń bọ gbogbo ènìyàn lọ́wọ́. Ó mọ orúkọ gbogbo wa, ó mọ orúkọ ajá wa. Ibẹ̀ ni mo ti gbà fún un. Ìjòyè arúgbó ìjọ́sí kò mọ orúkọ ajá ẹnikẹ́ni.

Ìgbà tó yá, ìjọba ń wá owó. N kò tíì rí ìgbà tí ìjọba ń wá nǹkan mìíràn. Àwọn ọlọ́rọ̀ kan sì wà ní ìhà àríwá tí wọ́n ní ilé iṣẹ́ ńláńlá, gbòǹgbò tí a fi ń ṣe ṣúgà ni wọ́n fi ń pọn ọtí tiwọn. Wọ́n sọ sí ìjọba létí pé àwọn àgbẹ̀ tó ń pọn ọtí nínú abà ló ń ba ọjà àwọn jẹ́. Bí òfin kan ṣe yọjú nìyẹn: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ dáná sábẹ́ ìkòkò nínú ilé rẹ̀ mọ́, wọ́n á lọ káàkiri, wọ́n á fi èdìdì òjé di gbogbo ìkòkò pa. Nígbà tí Adnet kà á, bàbá mi jókòó, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé orúnkún. Lẹ́yìn náà ló ní kò sí ewu, a ní Évariste. Évariste náà wá, ó ní lójú òun báyìí, kò lè ṣẹlẹ̀.

Ọjọ́ àjọ̀dún Màtín Mímọ́ ni a máa ń dá iná àkọ́kọ́ sábẹ́ ìkòkò, ẹni tó bá lọ́lá jù nílùú ló sì ń dá a. Lọ́dún tí mò ń wí yìí, àárín ọ̀sẹ̀ ni àjọ̀dún bọ́ sí, ìgbìmọ̀ sì ń jókòó lọ́wọ́ ní Paris. Ọlọ́lá ní òun kò lè jẹ́ kí ọwọ́ mìíràn dá iná Rozerval lọ́dún tí wọ́n fẹ́ pa á. Ó wọkọ̀ wá. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbọ́, ẹ lè rò pé aṣòfin tó bá wà ní Rozerval kò lè dìbò ní Paris. Ẹ ò mọ àwọn aṣòfin wa. Olúkúlùkù wọn ní àpótí kékeré lórí tábìlì rẹ̀, ìwé ìdìbò tí orúkọ rẹ̀ wà lára wọn ló kún inú rẹ̀: funfun fún bẹ́ẹ̀ ni, aláwọ̀ aró fún bẹ́ẹ̀ kọ́. Ẹni tó bá fẹ́ lọ jẹun, tàbí tó fẹ́ lọ sùn, tàbí tó fẹ́ lọ fẹ́ ìyàwó, á fi àpótí sílẹ̀ fún ẹni tó jókòó tì í. Onítọ̀hún á bá a dìbò, orílẹ̀-èdè á sì máa lọ.

Ẹni tó jókòó ti Mengeot ni Ọlọ́lá Delcambre, ọmọ ìhà àríwá, ilé gbòǹgbò ṣúgà. Wọ́n ti di ọ̀rẹ́ nídìí oúnjẹ. Mengeot gbọ́ pé ọ̀rọ̀ èbúté ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n fẹ́ sọ lọ́sẹ̀ náà, ó sì sọ fún Delcambre pé, "Bí o bá ṣe ń dìbò fún ara rẹ ni kí o máa dìbò fún mi." Òun fúnra rẹ̀ ló sọ fún wa lẹ́yìn náà, ó sì sọ ọ́ bí ẹni tí wọ́n dalẹ̀.

Àjọ̀dún náà dùn, n kò ní sọ pé kò dùn. Gbogbo ìlú dúró nínú abà wa. Ọlọ́lá tẹ̀ ba, pẹ̀lú aṣọ Paris lọ́rùn, ó dá iná, ó sì bá ìkòkò sọ̀rọ̀ tààrà. Ó ní, "Ìwọ ìkòkò yìí, àwọn ọba ti kú, ìwọ wà. Ìwọ yóò wà." Ìyá àgbà kan lẹ́yìn mi ṣe àmì àgbélébùú. Lẹ́yìn náà ni a jókòó ti ehoro tí mo fi ọjọ́ méjì sè. Ìkòkò ń kán, bàbá mi ń kọrin lábẹ́nú, mo sì ro ó lọ́kàn mi pé bóyá mo ti ń ṣe àìdáa sí Évariste látọjọ́ yìí. Bí a ti ń jẹun yẹn, wọ́n sún ọ̀rọ̀ èbúté síwájú ní Paris, wọ́n sì gbé ọ̀rọ̀ ìkòkò kalẹ̀. Delcambre ju ìwé funfun tirẹ̀ sínú àpótí, ó sì ju ti ọ̀rẹ́ rẹ̀ tẹ̀lé e.

Ìwé ìròyìn dé. Adnet bẹ̀rẹ̀ sí í ka orúkọ àwọn tó gbà pé kí wọ́n di ìkòkò pa. Nígbà tó kan Mengeot, ó dúró, ó tún un kà, ó sì gbé ìwé náà fún olórí ìlú kó fi ojú ara rẹ̀ rí i. Ẹni a ní kó féni lójú, ata ló fi sẹ́nu. Bàbá mi ní wọ́n tẹ̀ ẹ́ ṣì ni.

Ọlọ́lá kò tíì padà sí Paris. Ehoro mi ti dá a dùbúlẹ̀ nílé olórí ìlú. Wọ́n ránṣẹ́ pè é, ó dé láìwọ kọ́là, ó gba ìwé ìròyìn, ó kà á, mo sì rí i tí ojú rẹ̀ funfun. Mo rò pé ó máa bẹ̀ wá. Ká ní ó bẹ̀ wá lọ́jọ́ náà, mo mọ ara mi, ǹ bá dárí jì í. Ó wúkọ́.

"Zélie," ó ní, "lọ́jọ́ Màtín Mímọ́, níbo ni mo wà?"

"Níbí ni, Ọlọ́lá."

"Ṣé o rí mi dáadáa?"

"Ta ni ò ní rí yín? Àga méjì lẹ gbà."

Kò rẹ́rìn-ín. Ó kọjú sí ọkọ mi. "Prosper, ọ̀rẹ́ mi, kí ló wà lọ́wọ́ ọ̀tún mi bí ilẹ̀ ṣe fẹ́ máa ṣú lọ́jọ́ náà?"

Prosper na ara rẹ̀ bí ẹni tó dúró níwájú adájọ́. "Itan ehoro ni, Ọlọ́lá."

"Ọwọ́ òsì ńkọ́?"

"Ife ni, Ọlọ́lá. Mo tiẹ̀ bu sí i."

Ọlọ́lá gbé ọwọ́ méjèèjì sókè kí gbogbo ilé lè rí i. "Ẹ̀yin ará ilé mi, ẹ̀yin ni ẹlẹ́rìí mi. Ọwọ́ tó mú itan ehoro ní Rozerval, ṣé ó tún lè mú ìwé ìdìbò ní Paris?"

Wọ́n wo ara wọn. Wọ́n wo ọwọ́ náà. Olórí ìlú ní ká sọ tòótọ́, kò lè ṣeé ṣe.

"Ó dáa, èmi kọ́ ni mo dìbò nìyẹn. Delcambre tó jókòó tì mí ló ju ìwé mi sínú àpótí."

"Ta ló wá fún Delcambre ní ìwé yín?" ni mo bi í.

Ó na ìka sí mi bí ẹni pé èmi ni mo gbà á sílẹ̀. "Ẹ gbọ́ nǹkan tí Zélie wí! Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́ lọ bi wọ́n ní Paris."

Wọ́n sìn ín dé ìdí ọkọ̀. Ẹni tó fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ ehoro wa, tó fi ọwọ́ Delcambre pa iná wa, ni wọ́n ń bá gbé àpótí. Nígbà tí wọ́n padà wọlé, wọ́n ń bínú sí Paris. Prosper ní òun ti mọ̀ tipẹ́ pé ará àríwá kò ṣeé finú hàn.

Ẹ má rò pé kò ṣe nǹkan kan. Ní ilé ìgbìmọ̀ yẹn, bí ìbò rẹ bá ti gba ibi tí o kò fẹ́, o lè lọ sọ ọ́, wọ́n á sì tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé ìjọba pé Ọlọ́lá Lágbájá, tí wọ́n kọ pé ó gbà, sọ pé òun fẹ́ kọ̀ ni. Wọ́n tẹ̀ ẹ́. Olórí ìlú gé e, ó fi gíláàsì bò ó, ó gbé e kọ́ ògiri gbọ̀ngàn. Ẹni tó bá fẹ́ lè lọ kà á, ó ń dán. Òfin náà ńkọ́? Òfin wà bó ṣe wà. Àtúnṣe yẹn wà fún orúkọ Ọlọ́lá, kò sí fún ìkòkò ẹnikẹ́ni.

Nígbà ìrúwé ni wọ́n dé, ọmọkùnrin méjì tó mọ̀wà hù, pẹ̀lú wáyà àti òjé. Bàbá mi ti fọ ìkòkò kalẹ̀ dè wọ́n, ó ní kí wọ́n má baà sọ pé a dọ̀tí. Ó ṣí fìlà bí wọ́n ṣe ń lọ́ wáyà mọ́ ọrùn ìkòkò, tí wọ́n tẹ òjé pa. Ọ̀kan nínú wọn ní, "Ẹ má bínú, Bàbá." Bàbá mi ní kò sí ìyọnu. Nígbà ìkórè, a kò ní agbára àtikó ìyeyè lọ sí ibi tí ìjọba ní kí a ti máa pọn ọn, agbọ́n ló jẹ èyí tó pọ̀ jù lábẹ́ igi. Bàbá mi ṣì ń lọ sí abà ní gbogbo ọjọ́ Sátidé, á máa fi aṣọ nu ìkòkò náà, á sì máa yẹra fún èdìdì kí ọwọ́ rẹ̀ má baà kàn án. Kò kọrin mọ́. Mo kórìíra Mengeot lọ́dún yẹn. Mò ń sọ ọ́ bó ṣe wà: mo kórìíra rẹ̀ bí ẹni tó jí òbí mi lọ.

Ìbò mìíràn tún dé. Husson, oníṣègùn ẹran, ló jáde sí Mengeot. Ènìyàn gidi ni, ó ti fi apá rẹ̀ méjèèjì gba ọmọ màlúù lábà gbogbo wa, ṣùgbọ́n bó bá ń sọ̀rọ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ ló máa ń wò. Ó dúró nínú ilé ọtí mi, ó ní, "Òfin ti kọjá. Ẹnì kan ṣoṣo kò lè yí i padà. Màá gbìyànjú pẹ̀lú àwọn yòókù, ó lè pẹ́, ó sì lè má ṣeé ṣe." Àwọn ènìyàn wò ó bí ẹni tó wá kéde òkú. Òtítọ́ dọ́jà ó kùtà, owó lọ́wọ́ là ń ra èké. Lọ́jọ́ kejì ni Mengeot dé, ó ní ta ló mọ yàrá tí wọ́n ti di ìkòkò wa, ta ló mọ orúkọ akọ̀wé tó kọ ọ́, ta ló mọ ilẹ̀kùn tí wọ́n máa kàn kí wọ́n tó lè tú u? Òun ni. Ó ní kí wọ́n dá òun padà, òun yóò sì tú èdìdì Dieudonné. Ilé mì tìtì.

Mo ṣiṣẹ́ fún Husson bí ẹni tí kò lè dìbò ṣe lè ṣiṣẹ́. Mo bá àwọn ìyàwó sọ̀rọ̀. Mo sọ fún Prosper pé bó bá dìbò fún Mengeot, kí Mengeot máa sebẹ̀ fún un. Prosper búra. Ti bàbá mi ló ń jẹ mí lọ́kàn. Mo kúnlẹ̀ fún un láàárọ̀ ọjọ́ ìbò, mo ní, "Bàbá, mo bẹ̀ yín. Bó bá jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan yìí péré." Ó gbé mi dìde, ó wọ kóòtù dúdú rẹ̀, ó sọdá sí gbọ̀ngàn.

Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà mi. Ó jáde, ó ń rọra bọ̀, mo sì ti rí i lójú rẹ̀ kó tó dé ọ̀dọ̀ mi.

"Bàbá, òun náà ni ẹ tún dìbò fún."

"Òun ni."

"Òun ló pa iná yín. Ẹ mọ̀ pé òun ni."

"Mo mọ̀. Mi ò gọ̀, Zélie. Mo ti mọ̀ láti ọjọ́ ọ̀rọ̀ ehoro yẹn." Ó wo ìta, ó wo àwọn tó ń wọlé lọ dìbò. "Ṣùgbọ́n Husson ní ó lè má ṣeé tú. Bí mo bá dìbò fún Husson, mo ti gbà nìyẹn pé ó lè má ṣeé tú. Èmi ò lè gbà bẹ́ẹ̀, ọmọ mi. Mo ti dàgbà jù."

Mo bu kọfí fún un.

Mengeot wọlé. Ìbò wọn kò tilẹ̀ súnmọ́ra. Gbogbo wọn rọ́ wá sílé mi láti bá a yọ̀, Prosper wà lára wọn, ó ń wo ilẹ̀, kò jẹ́ kí ojú wa ṣe mẹ́rin. Mo rọ ọtí fún gbogbo wọn, ọtí gbòǹgbò ṣúgà láti àríwá, torí pé òun ló kù tí a lè rí rà. Ọlọ́lá gbé ife sókè, ó kí Rozerval, ó dà á sẹ́nu, ojú rẹ̀ sì kákò.

"Zélie, kí lèyí? Ògógóró ìyeyè Bàbá Dieudonné dà?"

Kì í ṣe pé ó ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ o. Òǹgbẹ rẹ̀ ń gbẹ ẹ́ ni, ó ti gbàgbé.

"Ìbò yín ló mu ún tán, Ọlọ́lá," ni mo wí.

Mo rò pé mo ti mú un wàyí, pé kò sí Róòmù tí yóò gbà kọjá nínú èyí. Ó gbé ife kalẹ̀. Ó fi ọwọ́ lé àyà. Ó wúkọ́.

"Ẹ gbọ́ ohun tí obìnrin yìí wí," ó ní, ohùn rẹ̀ sì gbọ̀n. "Ẹ gbọ́ ìrora Rozerval! Ọ̀rọ̀ ẹnu ọmọ Dieudonné yìí, gẹ́gẹ́ bó ṣe sọ ọ́ yìí, ni mo máa gbé lọ bá wọn ní Paris. Mo fẹ́ kí wọ́n gbọ́ ọ, kí ojú sì tì wọ́n!"

Àwọn ọkùnrin ń nu ojú. Olórí ìlú ń fọn imú. Bàbá mi ló kọ́kọ́ pàtẹ́wọ́, ó sì ń wò mí, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́, bí ẹni pé èmi ni mo bá a tú ìkòkò náà.